Ta Ni Akọni Nínú Ìtàn Ọmọdé?

Nínú ìtàn tí àgbà ń sọ fún ọmọdé, ẹnìkan ló sábà máa ń wà láàárín agbo: ẹni tí ewu dé bá, tí gbogbo etí ń retí ohun tí yóò ṣe. Òun ni àwọn onímọ̀ lítíréṣọ̀ ń pè ní akọni, ó sì ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún tí wọ́n ti ń jiyàn lórí rẹ̀. Kí ló ń sọ ènìyàn di akọni? Ṣé agbára ni, àbí kádàrá, àbí ìwà? Ta ló sì ń yàn án: ọmọ tó ń gbọ́ ìtàn ni, àbí àgbà tó ń sọ ọ́? Lójú lásán, ọ̀rọ̀ ìwé kíkà ni èyí. Nínú lọ́hùn-ún, ọ̀rọ̀ ẹ̀sìn àti ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ ni, nítorí pé ẹni tí a bá fi ṣe akọni fún ọmọ ni a ń sọ fún un pé kó fìwà jọ.

Ọmọ tó bá ń dàgbà ní Adewui, ọ̀kan nínú àwọn àdúgbò ìlú Lomé ní orílẹ̀-èdè Togo, kì í bá irú akọni kan ṣoṣo pàdé. Nílé, ó lè gbọ́ ìtàn ọba Agokoli àti odi Notsé ní èdè Ewe, tàbí àlọ́ Yévi, aláǹtakùn ọlọ́gbọ́n ẹ̀wẹ́ tí àwọn mìíràn ń pè ní Ayiyi. Bí àwọn òbí rẹ̀ bá jẹ́ Yorùbá tó wá ṣòwò, tàbí ọmọ Ifẹ̀ láti Atakpamé, Ìjàpá ni yóò gba ẹnu wọn kan lálẹ́. Nílé ẹ̀kọ́, èdè Faransé ni yóò fi ka ìtàn Sundiata. Ní ṣọ́ọ̀ṣì, wọn yóò kọ́ ọ ní ìtàn Dáfídì. Ní ilé kéú, wọn yóò kọ́ ọ ní ìtàn Ànábì Yusuf. Àwọn akọni wọ̀nyí kò jọra. Ohun tó mú wọn yàtọ̀ síra ni ọ̀rọ̀ tí ó yẹ kí a yẹ̀ wò, àti bí àwọn onímọ̀ ṣe ti gbìyànjú láti tú u.

Ọ̀nà tí akọni ń tọ̀

Àwọn tó kọ́kọ́ gbájú mọ́ ọ̀rọ̀ yìí ní Yúróòpù àti Amẹ́ríkà, ọ̀nà tí akọni ń tọ̀ ni wọ́n wò. Ní ọdún 1909, Otto Rank, ọmọlẹ́yìn Sigmund Freud ní ìlú Vienna, kó ìtàn ìbí àwọn akọni láti ọ̀dọ̀ oríṣiríṣi ẹ̀yà jọ. Ó rí i pé wọ́n fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ ìtàn kan náà. Ọlọ́lá ló bí ọmọ náà. Àsọtẹ́lẹ̀ kan mú kí wọ́n fẹ́ pa á. Wọ́n gbé e sọnù, nígbà mìíràn sójú omi bíi ti Mósè. Mẹ̀kúnnù tàbí ẹranko gbà á tọ́. Ó dàgbà, ó sì padà wá gba ipò rẹ̀. Lójú Rank, ohun tí ọmọdé ń rò nínú ọkàn rẹ̀ nípa bàbá àti ìyá rẹ̀ ni irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ń gbé jáde.

Ní 1928, Vladimir Propp ní Rọ́ṣíà fi ẹ̀dá ìtàn sílẹ̀, ìṣe wọn ló gbá mú. Ó yẹ àlọ́ Rọ́ṣíà 100 wò, ó sì parí èrò sí pé ìṣe 31 ló wà nínú gbogbo wọn, tí wọ́n ń tẹ̀ lé ara wọn létòlétò, bí kò tilẹ̀ sí àlọ́ kan tó gbọ́dọ̀ ní gbogbo wọn. Ní 1936, Lord Raglan ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì to àmì 22 tí a fi ń dá akọni inú ìtàn ìwáṣẹ̀ mọ̀. Joseph Campbell ní Amẹ́ríkà ló wá sọ ọ́ di mẹ́ta péré ní 1949: akọni kúrò nílé, ó bá àdánwò pàdé ní ibi tí kò mọ̀, ó padà wá pẹ̀lú ohun tí yóò ṣe àwọn ènìyàn rẹ̀ lóore. Ìlànà Campbell yìí ni àwọn tó ń kọ fíìmù àti ìwé àwọn ọ̀dọ́ mọ̀ jù lọ títí di òní.

Àwọn ìlànà yìí wúlò. Ìtàn Sundiata tí Djibril Tamsir Niane gbọ́ lẹ́nu Mamadou Kouyaté, arọ́kin Màǹdé kan ní Guinea, tí ó sì tẹ̀ jáde ní 1960, bá wọn mu dáadáa. Àsọtẹ́lẹ̀ ṣáájú ìbí ọmọ náà. Ó pé ọmọ ọdún méje, ó ṣì ń rákò. Orogún ìyá rẹ̀ ń fi í ṣe ẹlẹ́yà. Ó dìde, wọ́n lé e kúrò nílùú, ó rìn jìnnà, ó padà, ó ṣẹ́gun Soumaoro Kanté, ó sì tẹ ìjọba Màlì dó ní ọ̀rúndún kẹtàlá. Ẹni tó bá ka Campbell lè fi ìka tọ ìpele kọ̀ọ̀kan.

Àmọ́ ìlànà tó ń wo ọ̀nà nìkan máa ń fo àwọn tó dúró lẹ́bàá ọ̀nà dá. Kí Sundiata tó dìde, ìyá rẹ̀ Sogolon ló kọ́kọ́ jẹ ìyà: ó lọ tọrọ ewé oṣè díẹ̀ láti fi se ọbẹ̀, wọ́n sì bú u nítorí ọmọ rẹ̀ tí kò lè já ewé fún un. Ẹkún ìyá yìí ló mú ọmọ náà ní kí àwọn alágbẹ̀dẹ gbé ọ̀pá irin wá. Lójú ogun, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, Nana Triban, tó ti gbé lọ́dọ̀ ọ̀tá, ló tú àṣírí èèwọ̀ Soumaoro fún un: ẹ̀kàn àkùkọ funfun. Balla Fasséké, arọ́kin rẹ̀, ló ń fi ìtàn àwọn baba ńlá rẹ̀ gún un ní kẹ́ṣẹ́. Bí a bá yọ àwọn wọ̀nyí kúrò, ọmọ tó jókòó sílẹ̀ ló kù.

Isidore Okpewho, ọmọ Nàìjíríà, rí èyí kedere. Ìwé rẹ̀ lórí ìtàn akọni ní Áfíríkà jáde ní 1979, lẹ́yìn tí Ruth Finnegan ti kọ ọ́ ní 1970 pé ó ṣòro láti rí ojúlówó irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ní ilẹ̀ yìí. Okpewho fi ìtàn Sundiata, ìtàn Mwindo ti àwọn Nyanga ní Congo, àti ìtàn Ozidi ti àwọn Ìjọ̀ dáhùn. Ó fi hàn pé akọni kì í dá dúró nínú wọn. Ozidi, ọmọ tí wọ́n pa bàbá rẹ̀ kí wọ́n tó bí i, kò lè ja ìjà kan láìsí Oreame, ìyá ìyá rẹ̀, tó mọ oògùn tó sì ń darí ogun rẹ̀. Okpewho tún tẹnu mọ́ ọn pé ojú agbo ni wọ́n ti ń dá akọni: òpìtàn ń gbé e ga, àwọn tó jókòó ń dáhùn, wọ́n ń yìn ín, ẹ̀rù rẹ̀ sì tún ń bà wọ́n.

Ẹni tó ṣeé ràn lọ́wọ́

Propp kò fo olùrànlọ́wọ́ dá pátápátá. Nínú àwọn ìṣe 31 rẹ̀, ibì kan wà tí akọni ti ń pàdé ẹnìkan tó máa dán an wò. Bí ó bá ṣe dáradára, ẹni náà á fún un ní ohun àrà tí yóò fi borí. Lọ́wọ́ Propp, ìpele kan lásán ni èyí láàárín ọ̀pọ̀. Nínú ìtàn ilẹ̀ Yorùbá àti ti àwọn aládùúgbò rẹ̀, ibẹ̀ gan-an ni ọ̀rọ̀ wà.

Ẹ̀rí tó yanjú jù lọ wà nínú Ifá, nínú ìtàn àwọn ọ̀rẹ́ mẹ́ta tó ń ti ọ̀run bọ̀ wá sáyé, èyí tí Wándé Abímbọ́lá ṣàlàyé nínú ìwé rẹ̀ tó jáde ní 1976. Orísẹ̀ẹ́kú ọmọ Ògún, Orílèémèrè ọmọ Ìja, àti Afùwàpẹ́ ọmọ Ọ̀rúnmìlà jọ ń lọ sílé Àjàlá amọ̀kòkò láti yan orí. Àwọn méjì àkọ́kọ́ ń kánjú. Wọ́n dé, wọn kò bá Àjàlá nílé, wọ́n fúnra wọn mú orí tó tóbi tó sì dán, láìmọ̀ pé iná kò tíì jó wọn dénú. Bí wọ́n ṣe ń bọ̀ wá sáyé, òjò rọ̀ lé orí náà, ó sì ń ya kúrò títí ó fi kéré jọjọ. Afùwàpẹ́ ti yà sọ́dọ̀ bàbá rẹ̀, wọ́n dá Ifá fún un, ó rú ẹbọ tó ní iyọ̀ àti owó nínú, ó sì gbé díẹ̀ nínú iyọ̀ àti owó náà dání. Lójú ọ̀nà, ó bá oníbodè kan tó ń fi eérú se ọbẹ̀. Afùwàpẹ́ fún un ní iyọ̀. Ọbẹ̀ náà dùn, inú oníbodè dùn, ó sì mú un dé ilé Àjàlá, níbi tí Àjàlá ti fara pamọ́ sókè àjà nítorí olówó tó wá sin gbèsè. Afùwàpẹ́ san gbèsè náà. Àjàlá sọ̀ kalẹ̀, òun fúnra rẹ̀ ló sì bá a ṣa orí tó jinná.

Kò sí idà nínú ìtàn yìí, kò sí ẹranko tí ẹnikẹ́ni pa. Ohun tí Afùwàpẹ́ ṣe kò ju pé ó gba ìmọ̀ràn, ó bu iyọ̀ fún ẹni tó ń jẹ eérú, ó sì yọ onígbèsè nínú ìtìjú. Bẹ́ẹ̀ òun nìkan ló yege. Àwọn méjì yòókù kò burú. Ohun tó ṣe wọ́n ni pé wọn kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ràn wọ́n lọ́wọ́. Bí a bá fẹ́ fi gbólóhùn kan sọ ohun tí ìtàn ilẹ̀ yìí fi dá akọni mọ̀, òun nìyí: akọni ni ẹni tí ìwà rẹ̀ mú kó ṣeé ràn lọ́wọ́.

Ìbéèrè tó le tẹ̀ lé e. Bí ó bá jẹ́ pé orí tí ènìyàn yàn lọ́run ló ń ṣiṣẹ́, kí ni a ń yin akọni fún? Ṣẹ́gun Gbádégẹṣin, nínú ìwé rẹ̀ lórí ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ Áfíríkà tó jáde ní 1991, gbé ọ̀rọ̀ náà yẹ̀ wò: ẹni tó yan ohun tí kò mọ inú rẹ̀, ṣé a lè sọ pé ó yan nǹkan kan? Abímbọ́lá tọ́ka sí ẹsẹ̀, ìyẹn akitiyan ènìyàn, pé orí tó dára pàápàá nílò ẹsẹ̀ tí yóò gbé e dé ibi tó ń lọ. Ìtàn Afùwàpẹ́ fi kún ìdáhùn náà. Ó gbé ìwà síwájú yíyàn fúnra rẹ̀. Afùwàpẹ́ ti jẹ́ ọmọ tó ń gbọ́rọ̀ sí bàbá rẹ̀ lẹ́nu, tó sì ń ṣàánú ẹni tó bá pàdé, kó tó fọwọ́ kan orí kankan. Orí rere tó rí gbà, èrè ìwà ni. Ọmọ tó bá gbọ́ ìtàn yìí lè gbà pé kádàrá wà, kó má sì fi kádàrá ṣe àwáwí.

D. O. Fágúnwà, tí wọ́n bí ní Òkè-Igbó ní 1903, gbé òye yìí wọ inú ìwé. Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀ jáde ní 1938, ó sì di ìwé tí ọ̀pọ̀ ọmọ ilé ẹ̀kọ́ Yorùbá kà. Àkàrà-Ògùn ló ń sọ ìtàn náà, ṣùgbọ́n nígbà tí ọba rán an lọ sí Òkè Lángbòdó, kò dá lọ. Ó kó àwọn akọni ẹgbẹ́ rẹ̀ jọ, ẹni kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ẹ̀bùn tirẹ̀: Kàkó ní agbára, Ìmọ̀dóyè ní ọgbọ́n, Olóhùn-iyọ̀ ní ohùn orin. Nígbà tí wọ́n dé ọ̀hún, ọ̀rọ̀ ìmọ̀ràn ni Ìrágbèje fi ń ṣe wọ́n lálejò láti ọjọ́ dé ọjọ́. Ayọ̀ Bámgbóṣé, tó kọ ìwé lórí àwọn ìtàn àròsọ Fágúnwà ní 1974, àti Abíọ́lá Ìrèlé, tó so Fágúnwà pọ̀ mọ́ Tutùọlá àti Ṣóyínká ní 1975, jọ fi hàn pé àlọ́, ẹ̀sìn Kristẹni àti èrò Yorùbá nípa ẹ̀dá ló pàdé nínú àwọn ìwé náà.

Nígbà tí gbogbo ìlú jẹ́ akọni

Bí Sundiata àti Afùwàpẹ́ bá fi olùrànlọ́wọ́ han ọmọdé, ìtàn Notsé lọ síwájú sí i. Ìlú náà wà ní nǹkan bí 100 kìlómítà sí àríwá Lomé, kò sì sí ọmọ Ewe tí kò mọ̀ ọ́n. Ìtàn náà sọ pé ọba Agokoli mọ odi gìrìwò yí ìlú ká, ó sì ń ni àwọn ènìyàn lára. Ó pàṣẹ pé kí wọ́n pa gbogbo àgbà. Wọ́n gbé ọ̀kan pamọ́, Tegli lorúkọ rẹ̀. Nígbà tó yá, ọba ní kí wọ́n fi amọ̀ hun okùn fún òun. Àwọn ọ̀dọ́ lọ bá Tegli níbi tó fara pamọ́ sí. Ó ní kí wọ́n lọ bẹ ọba pé kó fi okùn amọ̀ àtijọ́ hàn wọ́n, kí wọ́n lè mọ bí wọn yóò ṣe hun tuntun. Ọba kò rí èsì fọ̀.

Tegli náà ló gba àwọn obìnrin nímọ̀ràn pé ojú kan ṣoṣo lára odi ni kí wọ́n máa da omi abọ́ àti omi aṣọ sí lójoojúmọ́. Amọ̀ rọ̀ níbẹ̀. Ní alẹ́ tí wọn yóò jáde, wọ́n lu ìlù kíkankíkan kí ọba lè rò pé ayẹyẹ ni wọ́n ń ṣe, wọ́n ti ògiri náà wó, wọ́n sì ń fi ẹ̀yìn rìn jáde, kí ẹni tó bá wo ipasẹ̀ wọn lè rò pé ìlú ni wọ́n ń wọ̀. Títí di òní, Notsé ń ṣe ọdún Agbogboza, àwọn Anlo ní Ghana sì ń ṣe Hogbetsotso ní Anloga, láti rántí ìjáde náà.

Iṣẹ́ òpìtàn ni láti yẹ̀ wò bí ó ṣe ṣẹlẹ̀ gan-an, Nicoué Gayibor ti Yunifásítì Lomé sì wà lára àwọn tó ti ṣe iṣẹ́ ńlá lórí ìtàn ilẹ̀ Ewe. Lámèyítọ́ lítíréṣọ̀ ní ìbéèrè mìíràn: ta ni akọni níhìn-ín? Bí a bá gbé ìtàn yìí ka iwájú Raglan, àmì díẹ̀ ni yóò rí. Kò sí ọmọ ọba tí a gbé sọnù. Arúgbó tí kò lè jà ló ń dá ète, obìnrin tó ń fọ abọ́ ló ń wó odi, onílù ló ń bo ariwo mọ́lẹ̀, àwọn ọmọdé náà sì ń fi ẹ̀yìn rìn bí àgbà ṣe ń rìn. Ọmọ tó ń gbọ́ ọ rí ipò tirẹ̀ nínú rẹ̀ láìjẹ́ pé ó lágbára ju ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ.

Ìjàpá, Yévi àti ọmọ burúkú

Àlọ́ tún kún fún ẹni tó wà láàárín agbo tí kò sì yẹ ní fífarawé. Adébóyè Babalọlá kó àlọ́ Ìjàpá jọ sínú ìwé ní 1973, Oyèkàn Owómóyèlá sì ṣe àkójọ àti àlàyé tirẹ̀ ní 1997. Ìjàpá jẹ́ ọ̀kánjúwà, ó ń tan ọ̀rẹ́, ó ń jalè, ó sì tún ń parọ́ fún Yánníbo aya rẹ̀. Èyí tó pọ̀ nínú àlọ́ náà ń parí sí ìtìjú rẹ̀. Ìdáhùn àwọn olùkọ́ ni pé ọmọdé ń fi ẹ̀rín kọ́gbọ́n: ó rí àṣìṣe láìjẹ́ pé wọ́n nà án fún un.

Ìdáhùn yìí kò tán gbogbo ọ̀rọ̀, nítorí pé nígbà mìíràn Ìjàpá ń borí. Ó tan Erin wọ ìlú pé wọ́n fẹ́ fi jọba, Erin sì jìn sí kòtò. Ọmọdé, tí gbogbo ènìyàn ju lọ nínú ilé, mọ ohun tó ń dùn mọ́ òun nínú kí ẹni kékeré borí ẹni ńlá. Aláǹtakùn bá àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú kọjá òkun. Lórúkọ Anansi, ó ń gbé ní Jàmáíkà títí di òní, ehoro sì gba irú ipò yẹn láàárín àwọn ọmọ Áfíríkà ní apá gúúsù orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà. Fún ẹni tí kò ní agbára òfin lọ́wọ́, ọgbọ́n ẹ̀wẹ́ ni ohun ìjà tó kù. Nítorí náà Ìjàpá ń kọ́ ọmọ ní nǹkan méjì lẹ́ẹ̀kan náà: agbára kọ́ ni gbogbo nǹkan, ọgbọ́n tí kò ní ìwà yóò sì dá ẹni tó ni ín lóró.

Irú kejì le ju èyí lọ. Ní 1980, Veronika Görög, Suzanne Platiel, Diana Rey-Hulman àti Christiane Seydou kọ ìwé ní èdè Faransé lórí ọmọ burúkú inú àlọ́ Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà. Rey-Hulman ti ṣe ìwádìí láàárín àwọn Tyokossi ní àríwá Togo. Ọmọ burúkú yìí kì í ṣe ọlọ́gbọ́n ẹ̀wẹ́: kò wá èrè kankan. Ó ń ba ohun ìní òbí rẹ̀ jẹ́, ó ń san ibi fún ẹni tó ṣe é lóore, bẹ́ẹ̀ ni kì í sábàá rí ìjìyà. Nínú àwọn àlọ́ kan, ojú ọ̀run ló ń gùn lọ. Àwọn onímọ̀ náà wò ó gẹ́gẹ́ bí ẹ̀dá tó kọjá òfin àwùjọ, tí ó ń fi hàn pé agbára kan wà tí ẹ̀kọ́ ilé kò lè dè. Amos Tutùọlá mọ irú ọmọ bẹ́ẹ̀. Nínú ìwé rẹ̀ tó jáde ní 1952, ọmọ tó ti inú àtàǹpàkò ìyá rẹ̀ jáde ń sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n bí i, ó ń jẹ gbogbo oúnjẹ ilé, kò sì sí ẹni tó lè ká a lọ́wọ́ kò. Ìtàn bẹ́ẹ̀ gbà pé ẹ̀rù ọmọ lè ba òbí, òótọ́ tí ìwé ẹ̀kọ́ kì í fẹ́ sọ.

Àgbà tó wà lẹ́yìn ìwé

Láti ọdún 1960, nígbà tí Philippe Ariès kọ ìwé rẹ̀ lórí ìgbà ọmọdé ní Faransé àtijọ́, ni àwọn onímọ̀ ti ń béèrè ohun tí a ń pè ní ọmọdé gan-an. Jacqueline Rose sọ ọ́ ní 1984 pé ìwé ọmọdé kì í ṣe ti ọmọdé rárá: àgbà ló ń kọ ọ́, àgbà ló ń rà á, ohun tí àgbà fẹ́ kí ọmọ jẹ́ ló sì wà nínú rẹ̀. Perry Nodelman ní Kánádà gbé e síwájú ní 2008, ó ní àgbà kan fara pamọ́ sínú gbogbo ìwé ọmọdé.

Ní Togo àti Nàìjíríà, àgbà tó fara pamọ́ náà máa ń jẹ́ òyìnbó amúnisìn nígbà kan. André Davesne, olùkọ́ Faransé, kọ àwọn ìwé kíkà Mamadou àti Bineta tí wọ́n lò káàkiri ilẹ̀ tí Faransé ń ṣàkóso. Ọmọ tó ń tẹ̀ lé ẹ̀kọ́ olùkọ́ ni ọmọ àtàtà inú rẹ̀. Chinua Achebe kọ ọ́ pé nígbà tí òun wà lọ́mọdé, tí òun ń ka ìtàn àwọn òyìnbó tó rìn wọ inú igbó Áfíríkà, ẹ̀yìn àwọn òyìnbó ni òun wà, òun kò sì mọ̀ pé ọ̀kan lára àwọn tí wọ́n ń bá jà ni òun. Nígbà tó di 1966, ó kọ Chike and the River, ìtàn ọmọdékùnrin tó fẹ́ sọdá odò Ọya láti Onitsha sí Asaba, tó ń wá owó ọkọ̀. Mabel Segun dá ẹgbẹ́ lítíréṣọ̀ ọmọdé sílẹ̀ ní Nàìjíríà ní 1978. Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ Ogún Ọmọdé ní 1990, níbi tí àwọn ọmọ abúlé ti ń gbé ayé tiwọn láìsí ogun, láìsí iwin. Ní Kútọnu, Béatrice Lalinon Gbado dá ilé ìtẹ̀wé Ruisseaux d'Afrique sílẹ̀ fún àwọn ọmọdé. Ní Lomé, Graines de Pensées bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 2005.

Èdè náà wà nínú ọ̀rọ̀ yìí. Togo sọ èdè Ewe àti Kabiyè di èdè ẹ̀kọ́ ní àtúntò ọdún 1975, ṣùgbọ́n Faransé ṣì ni èdè tí ọ̀pọ̀ ìwé ọmọdé fi ń jáde. Bí akọni ilé bá ń sọ Ewe tàbí Yorùbá, tí akọni ìwé sì ń sọ Faransé nìkan, ọmọ lè rò pé ti ilé kò tó akọni.

Ẹni tó san owó rẹ̀

Margery Hourihan, nínú ìwé rẹ̀ tó jáde ní 1997, sọ pé ìtàn akọni máa ń pín ayé sí méjì: ọkùnrin àti obìnrin, ọ̀làjú àti igbó, ọ̀gá àti ìránṣẹ́, ó sì ń kọ́ ọmọ láìsọ ọ́ jáde pé apá kan ló ni ẹ̀tọ́. Àyẹ̀wò yìí kò dá ìwé ilẹ̀ wa sí. Nígbà tí Kàkó fẹ́ bá wọn lọ sí Lángbòdó, ìyàwó tó ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ dì mọ́ ọn pé kó má lọ. Kàkó ṣá a pa, ìrìn àjò sì ń bá a lọ. Ọ̀pọ̀ òǹkàwé ń ka ojú ewé náà kọjá nítorí pé Lángbòdó ni ọkàn wọn wà. Lámèyítọ́ tó bá dúró níbẹ̀ kò kẹ́gàn Fágúnwà. Ó ń béèrè ohun tó yẹ kí olùkọ́ béèrè.

Ìtàn Mọremí gbé ìbéèrè kan náà síwájú ìgbàgbọ́. Ó jẹ́jẹ̀ẹ́ fún odò Ẹsìnmìrìn, ó jẹ́ kí ọ̀tá mú òun lẹ́rú, ó mọ àṣírí wọn, ó sì gba Ifẹ̀ là. Odò béèrè Olúorogbo, ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo. Ọdún Ẹdì ń rántí rẹ̀ ní Ilé-Ifẹ̀, kò sì sí ẹni tó lè ní Mọremí kì í ṣe akọni. Ṣùgbọ́n ọmọdé tó ń gbọ́ ìtàn náà kò bá Mọremí dọ́gba lọ́jọ́ orí; Olúorogbo ni ẹgbẹ́ rẹ̀. Àgbà ń gbọ́ ìfara-ẹni-rúbọ, ọmọ ń gbọ́ pé wọ́n fi ọmọ san ẹ̀jẹ́. Àwọn kan á ní kí a yí i padà nítorí ọmọdé. Ohun tó sàn jù ni kí a sọ ọ́ bó ṣe rí, kí a sì jẹ́ kí ọmọ béèrè nípa Olúorogbo, kí gbogbo Ifẹ̀ tó gbà láti jẹ́ ọmọ fún Mọremí lẹ́yìn náà lè ní ìtumọ̀ fún un: ìlú mọ̀ pé gbèsè wà lọ́rùn òun. Ìtàn Yusuf, tó wà nínú Bíbélì àti Kùránì, fi ẹ̀gbẹ́ kejì hàn: ọmọ tí wọ́n tà ló di olórí, ìdáríjì tó fún àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló sì fi ipò akọni rẹ̀ múlẹ̀ ju àga tó gùn lọ.

Àlọ́ tó ń fi ìdájọ́ sílẹ̀

Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà ní irú àlọ́ kan tó gbé ẹjọ́ náà fún àwọn olùgbọ́ fúnra wọn. William Bascom kó ọ̀pọ̀ irú rẹ̀ jọ sínú ìwé kan ní 1975. Ọ̀kan tó gbajúmọ̀ ń sọ nípa ọkùnrin mẹ́ta tó fẹ́ràn ọmọbìnrin kan. Ọ̀kan ní dígí tó fi rí i lókèèrè pé ó ti kú. Èkejì ní ohun tó gbé wọn dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ kíá. Ẹ̀kẹta ní oògùn tó jí i. Ta ló ni ín? Àlọ́ parí síbẹ̀, agbo sì gbiná. Ọmọ kan á ní olóògùn ni; òmíràn á ní kò sí ẹni tí ìbá mọ̀ pé ó kú láìsí dígí; ẹ̀kẹta lè béèrè ìdí tí wọn kò fi bi ọmọbìnrin náà léèrè.

Àlọ́ yìí dáhùn Rose àti Nodelman ju bí àlàyé ṣe lè dáhùn wọn lọ. Òótọ́ ni pé àgbà ló ń sọ ìtàn, ṣùgbọ́n níbi tí àgbà bá ti fi ìdájọ́ sílẹ̀, ọmọdé ló ń yan akọni, ó sì gbọ́dọ̀ sọ ìdí rẹ̀ lójú gbogbo ènìyàn. Olùkọ́ ní Lomé tàbí ní Ìbàdàn kò nílò ìwé tuntun láti ṣe bẹ́ẹ̀. Bí ó bá ń kọ́ wọn ní Sundiata, kí ó bi wọ́n pé ta ló já ewé oṣè, ta ló rọ ọ̀pá irin, ta ló tú àṣírí. Bí ó bá ń kọ́ wọn ní ìtàn Notsé, kí ó jẹ́ kí wọ́n jiyàn bóyá Tegli ni akọni àbí àwọn obìnrin. Bí ó bá ń ka Fágúnwà, kí ó dúró níbi ìyàwó Kàkó.

Ìlànà Rank, Propp, Raglan àti Campbell yóò máa wúlò fún títo ìtàn sí ìpele, ti Rose àti Hourihan yóò sì máa ṣí ojú wa sí ohun tó pamọ́. Ìtàn ilẹ̀ yìí fi ìwọ̀n kẹta lélẹ̀, èyí tó yẹ kí ìwádìí lítíréṣọ̀ ọmọdé fún ní àyè tirẹ̀: irú ẹni tí akọni jẹ́ sí àwọn tó bá pàdé lọ́nà. Ìwọ̀n yìí ló bá ọmọdé mu jù lọ, nítorí pé ọmọdé kò ní ogun tàbí ìjọba níkàáwọ́, ṣùgbọ́n lójoojúmọ́ ló ń pàdé ẹni tó lè bu iyọ̀ fún.